Láti Ogun Àgídìngbì dé Ike Omi: Ìtàn Rọ́kẹ́ẹ̀tì Tí Àwọn Ọmọ Wa Ń Rán Sókè ní Kánò

Ìsinmi ilé-ìwé ti ń wọlé bọ̀, àwọn ọmọ sì ti bẹ̀rẹ̀ sí í kó ike ọtí ẹlẹ́rìndòdò jọ sí abẹ́ bẹ́ẹ̀dì. Ọ̀pọ̀ òbí ló ń bi wá pé, eré wo gan-an lèyí tí ẹ fi ń bá ọmọ ṣe rọ́kẹ́ẹ̀tì? Ṣé kì í ṣe ohun ìjà nìyẹn? Ṣé ó bá àwa Yorùbá mu?

Ìbéèrè tó dáa ni. Ìdáhùn rẹ̀ gùn díẹ̀, torí rọ́kẹ́ẹ̀tì kì í ṣe àlejò lọ́dọ̀ wa. Ó ti wọ inú ìtàn Yorùbá kí wọ́n tó bí bàbá bàbá ọ̀pọ̀ nínú wa. Ẹnu ọ̀nà tó gbà wọlé ni kò dáa.

Ẹ jẹ́ ká bẹ̀rẹ̀ láti Èkó. Ní 1845, Kòsọ́kọ́ lé Akítóyè, àbúrò bàbá rẹ̀, kúrò lórí oyè, ó sì jọba. Akítóyè kò gbà. Ó lọ bá àwọn Gẹ̀ẹ́sì, ó ní bí wọ́n bá dá òun padà sórí oyè, òun á fòpin sí òwò ẹrú l'Ékòó. Ní oṣù Kọkànlá ọdún 1851, Beecroft tó jẹ́ kọ́ńsù Gẹ̀ẹ́sì mú ọmọ ogun ojú omi wá, ṣùgbọ́n àwọn ará Èkó lé wọn padà. Ẹ má rò pé Kòsọ́kọ́ jókòó lásán o. Ó ní àgbá, ó ní ìbọn rẹpẹtẹ, àwọn èèyàn rẹ̀ sì ti fi igi ṣe odi sí etí omi.

Ọjọ́ 26 oṣù Kejìlá ni àwọn Gẹ̀ẹ́sì tún padà dé. Ọjọ́ àkọ́kọ́ kò rọgbọ fún wọn rárá. Ọ̀kan nínú ọkọ̀ ogun wọn, Teazer, gun orí iyanrìn, kò sì lè lọ mọ́, àwọn ará Èkó sì ń yìnbọn lù ú. Àmọ́ nígbà tó di ọjọ́ kejì, ọ̀rọ̀ yí padà. Àgbá ń dún, rọ́kẹ́ẹ̀tì sì ń fò láti orí omi wá, ó ń bọ́ sórí ilé tí wọ́n fi koríko bò. Ilé ń jó, ibi tí wọ́n kó ẹ̀tù sí gbiná, iná sì ran ìlú. Kí ilẹ̀ tó mọ́ ní ọjọ́ kẹta, Kòsọ́kọ́ àti Ọṣòdì Tápà àti àwọn èèyàn wọn ti fi Èkó sílẹ̀. Ìhà Ìjẹ̀bú ni wọ́n forí lé, Ẹ̀pẹ́ ni wọ́n sì tẹ̀dó sí nígbẹ̀yìn. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ rántí Ẹ̀pẹ́ yìí, a máa padà síbẹ̀.

Ní ọjọ́ 1 oṣù Kìn-ín-ní ọdún 1852, Akítóyè tọwọ́ bọ ìwé àdéhùn. Nígbà tó di 1861, Dòsùnmú ọmọ rẹ̀ tọwọ́ bọ òmíràn, Èkó sì di ti Gẹ̀ẹ́sì. Ibi tí ọ̀rọ̀ ìjọba òyìnbó ti bẹ̀rẹ̀ sí í wọ ilẹ̀ wa gidi nìyẹn.

Ẹ wá wo ohun kan. Àwọn ará Èkó kò fi orúkọ ọba pe ogun yẹn, wọn ò fi orúkọ ọ̀gágun pè é. Ogun Àgídìngbì ni wọ́n pè é, torí bí ìró àgbá ṣe ń dún lọ́tùn-ún lósì. Àwọn mìíràn pè é ní Ogun Ahóyaya, ogun tó hó bí omi orí iná. Ìró ni wọ́n fi rántí rẹ̀. Ẹni tó bá ti gbọ́ irú ìró bẹ́ẹ̀ rí kì í gbàgbé.

Níbo ni àwọn Gẹ̀ẹ́sì ti rí rọ́kẹ́ẹ̀tì? Ibí yìí ni ó ti máa ń ya àwọn ọmọ lẹ́nu, torí ohun tí wọ́n rò ni pé òyìnbó ló dá a sílẹ̀. Rárá o. Àwọn ará Ṣáínà ló kọ́kọ́ mọ ẹ̀tù í po, ó ti lé ní ẹgbẹ̀rún ọdún báyìí. Ní 1232, nígbà tí àwọn Mongol dó ti ìlú Kaifeng, àwọn ará ìlú fi ohun ìjà tó ń tu iná láti inú ọ̀pá dáàbò bo ara wọn. Láti ibẹ̀ ni ìmọ̀ náà ti ń rìn láti ìlú dé ìlú, títí tó fi dé Íńdíà. Ní ìjọba Mysore níbẹ̀, Hyder Ali àti Tipu Sultan ọmọ rẹ̀ kò fi páálí tàbí ọparun ṣe ti wọn mọ́, irin ni wọ́n fi ṣe ọ̀pá rẹ̀. Irin lágbára, ẹ̀tù tó pọ̀ lè jó nínú rẹ̀ kó má fọ́, rọ́kẹ́ẹ̀tì náà sì ń lọ jìnnà. Ní ogun Pollilur lọ́dún 1780, wọ́n fi lu àwọn Gẹ̀ẹ́sì ní àlùbolẹ̀.

Kí ni àwọn Gẹ̀ẹ́sì wá ṣe? Nígbà tí wọ́n ṣẹ́gun Tipu, tí wọ́n sì pa á ní 1799, wọ́n ṣa àwọn rọ́kẹ́ẹ̀tì tó ṣẹ́kù, wọ́n kó wọn lọ sílé. Ọkùnrin kan tí ń jẹ́ William Congreve jókòó ti iṣẹ́ náà láti nǹkan bí 1804. Ó ń wọ̀n ọ́n, ó ń dán an wò, ó ń kọ ohun tó rí sílẹ̀. Ní 1807, wọ́n fi rọ́kẹ́ẹ̀tì rẹ̀ sun Copenhagen, olú ìlú Dẹ́nmáàkì. Irú rẹ̀ ló dé ọ̀sà Èkó ní 1851. Nígbà tó sì di oṣù Kẹta ọdún 1865, tí àwọn Ẹ̀gbá dó ti Ìkòròdú, Glover tó ń ṣe àkóso Èkó rán ọmọ ogun jáde pẹ̀lú rọ́kẹ́ẹ̀tì, ibùdó náà sì tú ká.

Ẹ jẹ́ ká sọ òótọ́ síra wa. Àwọn baba wa kì í ṣe ojo, wọn kò sì ṣe aláìní ẹ̀tù. Ọdẹ ilẹ̀ Yorùbá ń gbé ìbọn, ṣàkàbùlà ń dún níbi ìsìnkú àgbà ọdẹ, àgbá sì ń dún bí ọba bá wàjà. Ohun tí ogun Mysore kọ́ wa ni pé ẹni tí wọ́n fi nǹkan lù lè mú nǹkan ọ̀hún, kó tú u palẹ̀, kó wò ó dáadáa, kó sì kọ bó ṣe ń ṣiṣẹ́ sílẹ̀. Ohun tí àwọn Gẹ̀ẹ́sì ṣe sí ohun ìjà àwọn ará Íńdíà nìyẹn. Bí ọmọdé bá bi wá pé kí ló dé tí a fi ń ní kí òun mú ìwé àti bírò dání lọ sí pápá, ìtàn yìí la máa ń sọ fún un.

Ó yá, ẹ jẹ́ ká wá sí Kánò. Àwọn Yorùbá oníṣòwò ti ń wá síbí kí òyìnbó tó dé, obì àti aṣọ ni wọ́n ń gbé wá. Àdúgbò Ayagi tó wà nínú ìlú àtijọ́ ṣì ń jẹ́rìí sí i títí dòní. Ṣùgbọ́n rélùwéè ló kó ọ̀pọ̀ nínú àwọn baba ńlá wa wá. Ní 1911 ni ojú irin dé Kánò, lẹ́yìn ìyẹn ni wọ́n ya Sabon Gari sọ́tọ̀ fún àwọn àlejò. Akọ̀wé rélùwéè wá, káfíńtà wá, télọ̀ wá, ìyá alágbo wá, olùkọ́ sì wá. Wọ́n kó ọdún tiwọn wá pẹ̀lú. Ọdún Iléyá, Kérésì, ọdún tuntun, gbogbo rẹ̀ la máa ń ṣe papọ̀ ládùúgbò. Bó bá jẹ́ ọdún, àwọn ọmọ á fẹ́ kí nǹkan dún.

Ẹ̀yin àgbà ò ní gbàgbé. A ti rí ìbọn ìṣáná tí àwọn ọmọ fi sípóòkù kẹ̀kẹ́ àti ìṣó ṣe, tí wọ́n á máa ha orí ìṣáná sí, tí wọ́n á sì fi gbá ògiri. A ti rí kábáìdì tí wọ́n lọ tọrọ lọ́dọ̀ wẹ́dà, tí wọ́n fi sínú agolo mílíìkì. Lẹ́yìn náà ni bángà àti nọ́káòtù olówó pọ́ọ́kú gba ìgboro kan. Ẹni tí nǹkan wọ̀nyí bá tó ìka tàbí ojú rẹ̀ lára kò nílò kí a ṣàlàyé. Ọdọọdún ni ọlọ́pàá ń kéde pé kí ẹnikẹ́ni má yìn ín mọ́, ọdọọdún náà ni a sì ń gbọ́ ọ.

Àmọ́ ọ̀rọ̀ ìka nìkan kọ́ mọ́. Ní ọjọ́ 27 oṣù Kìn-ín-ní ọdún 2002, ilé ìkóhun-ìjà-sí ní bárékè Ìkẹjà gbiná. Ó ju ẹgbẹ̀rún kan èèyàn tó kú. Ọ̀pọ̀ nínú wọn, bọ́ǹbù kò tilẹ̀ kàn wọ́n. Wọ́n ń sá fún ìró lóru, wọ́n sì rì sínú omi kànáálì Òkè-Àfà. Ìró ló pa wọ́n. Níbí ní Kánò, ní ọjọ́ 20 oṣù Kìn-ín-ní ọdún 2012, bọ́ǹbù dún káàkiri ìlú lọ́sàn-án ọjọ́ Jímọ̀, àwọn tó kú lé ní 180. Ní ọjọ́ 18 oṣù Kẹta ọdún 2013, òmíràn bú ní páàkì ọkọ̀ New Road ní Sabon Gari, níbi tí àwọn èèyàn ti ń wọ bọ́ọ̀sì lọ sí gúúsù. Kò sí ìdílé kan nínú wa tí kò mọ ẹnì kan tó ń gba páàkì yẹn kọjá.

Láti ìgbà yẹn, bí bángà bá dún ní kọ̀rọ̀, ẹ máa rí i bí ìyá tó ń ta ẹ̀wà yóò ṣe ju síbí sílẹ̀. Ẹ máa rí bàbá àgbàlagbà tó máa wo ẹnu ọ̀nà kó tó mọ̀ pé ọmọdé ló ń ṣeré. Àwọn ọmọ tí a bí lẹ́yìn 2013 kò mọ ohun tó ń dẹ́rù bà wá. Lójú tiwọn, eré ni. Ẹjọ́ wọn kọ́. Ṣùgbọ́n ẹ̀rù wa náà kì í ṣe àṣejù. Ohun tí a wà láàárín rẹ̀ nìyẹn: ọmọ tó fẹ́ kí nǹkan fò, kó sì dún, àti àgbà tí ìró ti sọ di ẹlẹ́rù. Bí a bá kàn sọ pé "Má ṣe é!", ọmọ á gba ẹ̀yìn ilé lọ ṣe é. A ní láti fún un ní nǹkan mìíràn tó dùn jù ú lọ.

Nǹkan mìíràn ọ̀hún ni ike.

Ìgò dígí ni gbogbo wa mọ̀ tẹ́lẹ̀. O ra mínírà, o dá ìgò padà, àìjẹ́ bẹ́ẹ̀ o san owó ìgò. Ará Amẹ́ríkà kan tí ń jẹ́ Nathaniel Wyeth, oníṣẹ́ ẹ̀rọ ní iléeṣẹ́ DuPont, ló ṣe ike tó lè gba gáàsì mínírà mọ́ra láìfọ́, ó sì gba ìwé-ẹ̀rí rẹ̀ ní 1973. Ike náà fúyẹ́, ó sì lágbára. Nígbà tó dé Nàìjíríà, ó kún gọ́tà wa, àwọn Hausa ń pè é ní roba, àwọn ọmọ sì ń ṣà á tà. Ohun tí a sọ di ìdọ̀tí yìí gan-an ni àgọ́ ara rọ́kẹ́ẹ̀tì.

Bí a ṣe ń ṣe é rèé. Ike mínírà tó ti gba gáàsì rí, tó tóbi, tí kò ya, tí kò sì wọ́ ni kí ẹ wá. Ike omi tín-ín-rín kò dáa, kò lágbára tó. Ẹ má sì fi ìgò dígí dán an wò láé! Ẹ gé páálí sí apá mẹ́ta tó dọ́gba, ẹ fi sẹ́lótéèpù lẹ̀ ẹ́ mọ́ ẹ̀gbẹ́ ike níhà ẹnu rẹ̀. Àwọn ló máa jẹ́ ẹsẹ̀ rẹ̀ nílẹ̀, àwọn náà ló sì máa jẹ́ kó lọ tààrà lókè. Ẹ ká páálí mìíràn bíi fìlà ṣóńṣó, ẹ dé e sí ìdí ike, ìdí ló máa di orí. Ẹ gé rọ́bà sílípáàsì tó ti gbó kó lè wọ ẹnu ike pinpin. Ẹ gún abẹ́rẹ́ tí a fi ń fẹ́ bọ́ọ̀lù gba àárín rẹ̀ kọjá. Ẹ mú un lọ bá fọ́kánáísà, mai faci yín, kó bá yín so ọ̀pá rọ́bà tó gùn tó mítà mẹ́ta mọ́ pọ́ǹpù kẹ̀kẹ́.

Ẹ wá bu omi sí i, kó tó ìdá kan nínú mẹ́ta ike. Ẹ fi rọ́bà dí ẹnu rẹ̀ dáadáa, ẹ dojú rẹ̀ délẹ̀ kó dúró lórí ẹsẹ̀ rẹ̀ mẹ́ta. Kí gbogbo ọmọ sún sẹ́yìn. Àgbàlagbà kan ṣoṣo ni kó di pọ́ǹpù mú, ọmọ kan sì lè máa bá a fẹ́ ẹ láti ọ̀nà jíjìn yẹn. Ẹ fẹ́ ẹ, ẹ fẹ́ ẹ. Atẹ́gùn á máa há nínú ike, á máa ti omi, omi á máa ti rọ́bà. Nígbà tí rọ́bà kò bá lè gbà á mọ́, á já, omi á tú sílẹ̀ ṣàà, ike á sì gbéra lọ sókè. Kò sí iná nínú rẹ̀, kò sí ẹ̀tù, kò sí ariwo tó lè ta ìyá ẹlẹ́wà jí. Ìró omi ni, lẹ́yìn náà igbe ayọ̀ àwọn ọmọ.

Kí ló gbé e sókè? Newton kọ ọ́ sínú ìwé rẹ̀ ní 1687: bí nǹkan kan bá ti èkejì, èkejì náà á ti òun padà. Ike ń ti omi lọ sísàlẹ̀, omi sì ń ti ike lọ sókè. Ẹni tó bá ti bọ́ sílẹ̀ láti inú ọkọ̀ ojú omi rí mọ̀ ọ́n, torí bí o ṣe ń fò sí etíkun ni ọkọ̀ ń sún sẹ́yìn. Ohun kan náà ló gbé rọ́kẹ́ẹ̀tì tó sun Èkó, ohun kan náà ló gbé èèyàn dé òṣùpá. Ìyàtọ̀ tó wà níbẹ̀ ni ohun tó ń tú jáde nídìí rẹ̀, àti ohun tí ẹni tó rán an ní lọ́kàn.

Àwọn ọmọ máa ń béèrè pé, kí ló dé tí a ò fi rọ omi kún un? Ẹ jẹ́ kí wọ́n dán an wò. Bí omi bá kún, kò ní sí àyè fún atẹ́gùn tó máa tì í. Bí kò bá sì sí omi rárá, atẹ́gùn nìkan fúyẹ́ jù, á kàn fò díẹ̀ ni. Ìdí nìyí tí a fi ń mú ìwé dání. Ọmọ kan á kọ ìwọ̀n omi, èkejì á kọ iye ìgbà tí a fẹ́ pọ́ǹpù, ẹ̀kẹta á wọn bó ṣe ga tó. Wíwọ̀n rẹ̀ kò ṣòro. Ẹ mú ìwé tí igun rẹ̀ mẹ́rẹ̀ẹ̀rin dọ́gba, ẹ ká a láti igun sí igun, ó di igun mẹ́ta. Kí ọmọ náà dúró sí mítà 20 sí ibi tí rọ́kẹ́ẹ̀tì wà, kó fi ojú tọ ẹ̀gbẹ́ tó dagun. Bí rọ́kẹ́ẹ̀tì bá ga dé ojú ìlà yẹn gan-an, ó ti ga tó mítà 20, ẹ wá fi gíga ojú ọmọ náà kún un. Ìṣirò nìyẹn, ẹ̀kọ́ ilé-ìwé nìyẹn, ọmọ ò sì mọ̀ pé iṣẹ́ lòun ń ṣe.

Ẹ má sì rò pé ohun kékeré ni. Ní ọjọ́ 16 oṣù Kẹta ọdún 1926, Robert Goddard rán rọ́kẹ́ẹ̀tì àkọ́kọ́ tó ń fi epo olómi ṣiṣẹ́ sókè ní Massachusetts, Amẹ́ríkà. Ìṣẹ́jú-àáyá méjì àti ààbọ̀ péré ló fò, kò sì ga ju nǹkan bíi mítà 12 lọ. Ike tí àwọn ọmọ wa rọ omi sí lè ga tó bẹ́ẹ̀, ó sì lè jù bẹ́ẹ̀ lọ bí wọ́n bá ṣe é dáadáa. Ìwé ìròyìn New York Times ti fi Goddard ṣe yẹ̀yẹ́ ní 1920 pé kò mọ ohun tí ọmọ ilé-ìwé mọ̀. Oṣù Keje ọdún 1969, nígbà tí àwọn èèyàn ti ń lọ sí òṣùpá lọ́wọ́, ni ìwé ìròyìn náà tó kọ ọ́ pé àwọn ṣì í sọ. Goddard ti kú nígbà náà. Ẹni tí wọ́n bá ń fi ṣe yẹ̀yẹ́ nítorí ike ní ẹ̀yìnkùlé, kó fọkàn balẹ̀ o jàre.

Ohun kan tún wà tí ọ̀pọ̀ àwọn ọmọ tí wọ́n bí sí Kánò kò mọ̀. Ìlú tí wọ́n ń gbé yìí ti bá rọ́kẹ́ẹ̀tì ńlá ṣiṣẹ́ rí. Ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1960, kété lẹ́yìn òmìnira wa, Amẹ́ríkà kọ́ ibùdó kan síbí láti máa fi ẹ̀rọ tọpa àwọn tó ń lọ sí òfuurufú. Nígbà tí John Glenn yí ayé po ní ẹ̀ẹ̀mẹta ní ọjọ́ 20 oṣù Kejì ọdún 1962, Kánò wà lára àwọn ibùdó tó ń gbọ́ ohùn rẹ̀ bó ṣe ń kọjá lókè. Ẹ̀yin tí bàbá yín wà ní Sabon Gari nígbà náà, ẹ bi wọ́n, bí wọ́n bá ṣì wà. Ní ọjọ́ 23 oṣù Kẹjọ ọdún 1963, Tafawa Balewa wà nínú ọkọ̀ Kingsport ní èbúté Èkó, ó sì bá Kennedy tó wà ní Washington sọ̀rọ̀ nípasẹ̀ sátẹ́láìtì Syncom. Kò tíì sí olórí orílẹ̀-èdè méjì tó ṣe irú rẹ̀ rí. Lórí omi Èkó kan náà ni o, níbi tí rọ́kẹ́ẹ̀tì ti ń jó ilé ní 1851.

Ẹ rántí Ẹ̀pẹ́ tí a ní kí ẹ fi sọ́kàn? Ibẹ̀ ni Kòsọ́kọ́ sá lọ lẹ́yìn Ogun Àgídìngbì. Lónìí, ní Ẹ̀pẹ́ yẹn gan-an ni ibùdó ìjọba àpapọ̀ tó ń ṣe ìwádìí rọ́kẹ́ẹ̀tì wà, lábẹ́ àjọ òfuurufú Nàìjíríà tí wọ́n dá sílẹ̀ ní 1999. Sátẹ́láìtì wa àkọ́kọ́, NigeriaSat-1, gòkè ní ọjọ́ 27 oṣù Kẹsàn-án ọdún 2003, ṣùgbọ́n Rọ́ṣíà ló bá wa gbé e lọ. NigComSat-1 gòkè ní 2007, Ṣáínà ló bá wa gbé e. A ti ní ẹrù, ọkọ̀ tí a ó fi gbé e ni a kò tíì ní. Iṣẹ́ tó wà nílẹ̀ fún ẹni tó bá ń kọ nǹkan sínú ìwé lónìí nìyẹn.

A fẹ́ fi ọ̀rọ̀ nípa èdè kún un, torí ó ń dùn wá. Nígbà tí a bẹ̀rẹ̀ eré yìí, àwọn ọmọ ń ka iye sẹ́yìn kí rọ́kẹ́ẹ̀tì tó gbéra. Wọ́n ń kà á ní Hausa: biyar, huɗu, uku, biyu, ɗaya. Kò sí ohun tó burú níbẹ̀, èdè àwọn tó gbà wá lálejò ni, inú rẹ̀ ni àwọn ọmọ wa ti ń ṣeré. Àmọ́ nígbà tí a ní kí wọ́n kà á ní Yorùbá, ọ̀pọ̀ nínú wọn kò lè kà á sẹ́yìn. Wọ́n ní láti bẹ̀rẹ̀ láti oókan kí wọ́n tó dé aárùn-ún. Ní báyìí, wọ́n ti mọ̀ ọ́n. Èdè méjèèjì ni wọ́n ń lò, wọ́n á ka ti Hausa fún rọ́kẹ́ẹ̀tì kan, wọ́n á ka ti Yorùbá fún èkejì. Àwọn ọmọ Hausa àti Igbo tó wà ládùúgbò sì ti mọ àrún, ẹ̀rin, ẹ̀ta, èjì, oókan. Kò sí ẹni tó jókòó kọ́ wọn.

Ẹ̀yin òbí, ẹ jọ̀wọ́, ẹ gbọ́ ìkìlọ̀ wọ̀nyí. Ẹ má lo ẹ̀rọ atẹ́gùn mai faci, pọ́ǹpù ọwọ́ ti tó, ike lè bú bí atẹ́gùn bá pọ̀ jù. Bí ike bá ti wọ́ tàbí tó ti pẹ́ nínú oòrùn, ẹ jù ú nù. Kí ẹnikẹ́ni má tẹ̀ ba lórí rẹ̀ bí kò bá tètè gbéra, ẹ dúró, ẹ kọ́kọ́ tú pọ́ǹpù kí atẹ́gùn jáde. Ẹ wá pápá tó fẹ̀, kó jìnnà sí wáyà iná àti títì ọlọ́kọ̀. Ẹ sì sọ fún àwọn aládùúgbò kí ẹ tó bẹ̀rẹ̀, pàápàá àwọn àgbà. Ẹ pè wọ́n wá wòran. Nígbà tí àgbàlagbà bá ti rí i pé omi ló ń tú jáde, ara rẹ̀ á balẹ̀, òun náà á sì fẹ́ fẹ́ pọ́ǹpù.

Ẹni tó bá ní ike mínírà tó dáa nílé, kó má jù ú sí gọ́tà, kó fọ̀ ọ́, kó kó o pamọ́ de ìsinmi. Ẹ̀yin tó wà ní Jọ́ọ̀sì àti Kàdúná, bí àwọn ọmọ yín bá ṣe tiwọn, ẹ kọ bó ṣe ga tó ránṣẹ́ sí wa, kí àwọn ti Kánò lè mọ iye tí wọ́n máa lé bá.